Ọjọ́ wo ni èdè kó yín sí wàhálà, ọjọ́ wo ló yọ yín?

Àkànbí Ṣakí
Ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta o. Láti ìgbà tí ìjọba àpapọ̀ ti wọ́gi lé ètò fífi èdè abínibí kọ́ ọmọ nílé ìwé ní 2025, ètò tí àwọn fúnra wọn fọwọ́ sí ní 2022, gbogbo ibi tí mo bá dé ni wọ́n ti ń jiyàn. Ó ti sú mi. Ẹ jẹ́ ká fi ìjọba sílẹ̀. Ìrírí tẹ̀yin fúnra yín ni mo ń bèèrè, kì í ṣe "wọ́n ní".

Tèmi rè é. Ọdún 2003, mo kó abọ́ oníke lọ tà ní Parakou, ní orílẹ̀-èdè Benin. Alẹ́ ọjọ́ kẹta, ibà dá mi wólẹ̀. Ọmọkùnrin tó ń bá mi gbẹ́rù fi ọ̀kadà gbé mi dé ilé ìwòsàn kékeré kan. Dókítà sọ Faransé títí, ó yí i sí Bàrìbá, pàbó. "Bonjour" nìkan ni mo ní lápò. Mo ní òòyì ń kọ́ mi, mo ní gbogbo oríkèé ara ń ro mí, ó kàn ń mi orí bí ẹni tó gbọ́. Ló bá fa abẹ́rẹ́. Mo wo ìgò oògùn náà: chloroquine. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ̀, ẹ mọ̀. Tí nǹkan yẹn bá wọ ara mi, bíi kí wọ́n da wèrèpè sí mi lára látorí dé àtẹ́lẹsẹ̀ ni. Mo ń ké "Rárá! Ó máa ń yún mi!", nọ́ọ̀sì rò pé abẹ́rẹ́ ni mo ń sá fún, ó bá fi orúnkún tẹ̀ mí mọ́lẹ̀.

Obìnrin kan ń nu ilẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà. Ó gbé aṣọ ìnulẹ̀ sílẹ̀, ó ní, "Ẹ̀gbọ́n, kí ní ń yún yín?" Ọmọ Ṣábẹ ni, ìlú Yorùbá kan ní Benin níbẹ̀. Ẹ̀yin èèyàn mi, mo sunkún. Gbólóhùn méjì péré ló bá dókítà sọ, ìyẹn ju abẹ́rẹ́ náà sínú agolo, ó lọ mú òmíràn wá.

Ìyá Rẹ̀mí
Chloroquine! Ẹ má rán mi létí o. Òòyà onígi ni màmá mi fi ń họ ẹ̀yìn fún mi.

Dúdúyẹmí
Èmi ò mọ ohun tẹ́ ẹ̀ ń sọ. Bíi súìtì ni mo ṣe ń jẹ ẹ́.

Ìyá Rẹ̀mí
Súìtì wo ló korò tó yẹn? Ìwọ ọmọ yìí, ẹnu ẹ ló bàjẹ́.

Bàbá Ìbejì
Ó ń yún mi báyìí tí mo ń kà á.

Tósìn B
Kí lẹ fún obìnrin náà?

Alájàpá Kùtọnu
Ọdún mẹ́rìndínlógún rè é tí mo ti ń ná Dantokpa, ọjà ńlá Kùtọnu. Ẹ jẹ́ n sọ nǹkan kan fún yín: Faransé kọ́ ni èdè ọjà níbẹ̀. Faransé wà fún kọ́sítọ́ọ̀mù, fún ìwé, fún ọlọ́pàá tó ń wá ohun tó máa jẹ. Lórí àtẹ, Fọ̀n ni. Ọjọ́ àkọ́kọ́ tí mo kí ìyá aláṣọ kan láàárọ̀, "A fɔn ganji a?", ó rẹ́rìn-ín títí ìborùn bọ́ lórí ẹ̀. Ó ní bí ẹni tó fẹ́ jà ni mo ṣe ń kí èèyàn. Àmọ́ ó yọ 500 sẹ́fà kúrò nínú owó aṣọ. Ẹni tó bá fi Faransé kí wọn, iye tí òyìnbó ń rà á ni wọ́n máa pè fún un. Ẹ tiẹ̀ wo orúkọ ọ̀kadà wọn, zemidjan. "Gbé mi kíá" ló túmọ̀ sí. Ta ló ń dúró de Faransé kó tó sọ ọ̀kadà lórúkọ?

Kétu Nilé
Ẹ ò kúkú bá wọn sọ Yorùbá? Àìmọye nínú wọn ló gbọ́ ọ.

Alájàpá Kùtọnu
Wọ́n gbọ́ ọ. Ìdí tí mi ò fi ń sọ ọ́ nìyẹn. Tí wọ́n bá ti mọ̀ pé Nàìjíríà ni mo ti wá, owó ọjà á gun àjà.

Dúdúyẹmí
Yorùbá Benin yẹn gan-an, ó máa ń lọ́ pọ̀ mọ́ mi létí. Àti pé, Àkànbí, kí n má purọ́, ìtàn yín ṣe mí ní kàyéfì. Obìnrin tó ń nu ilẹ̀, òun ló wá gbọ́ Faransé débi tó fi ń bá dókítà sọ̀rọ̀ oògùn?

Kétu Nilé
Méjì lo sọ yẹn, méjèèjì ló bí mi nínú.

Àkọ́kọ́, obìnrin tó bá ń ṣiṣẹ́ ní Parakou, kó gbọ́ èdè mẹ́rin kì í ṣe bàbàrà. Tilé, ti aládùúgbò, tọjà, tọ̀gá. Kò lọ ilé ìwé kankan fún un. Ìwọ, mélòó lo gbọ́?

Èkejì, kò sí ohun tó ń jẹ́ "Yorùbá Benin". Kétu ti wà, ó ti ní Alákétu, kí ẹnikẹ́ni tó fi rúlà fa ìlà. Ní 1889, Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé jókòó, wọ́n pín wa. Imẹ̀kọ bọ́ sọ́wọ́ Gẹ̀ẹ́sì, Kétu bọ́ sọ́wọ́ Faransé. Ìdílé wa wà ní ìhà méjèèjì. Àwọn ọmọ tọ̀hún ń lọ sí "school", tìhín ń lọ sí "école", bí òkú àgbà bá pa wá pọ̀, ilé ìwé ni gbogbo wa jọ ń pè é.

Ìwé kíkọ nìkan ló ń dà wá láàmú. Lọ́dọ̀ wa, ɛ àti ɔ la ń kọ níbi tẹ́yin ti ń fi àmì sábẹ́. Sh la fi ń kọ ṣ yín, kp la fi ń kọ p. Mo fi ìwé ìpè ìgbéyàwó ránṣẹ́ sí ọmọ ẹ̀gbọ́n bàbá mi l'Abẹ́òkúta, mo kọ "kpɛ̀lú ayɔ̀" sókè. Ó pè mí lórí fóònù, ó ní, "Ta ni Kpelu? Ṣé orúkọ ìyàwó nìyẹn?"

Ìyá Rẹ̀mí
Mo rẹ́rìn-ín débi pé ọmọ tí mo pọ̀n jí. Ẹ bá wa kí Ìyàwó Kpelu o.

Dúdúyẹmí
Èdè kan àtààbọ̀ ni mo gbọ́. Ààbọ̀ yẹn ni Gẹ̀ẹ́sì. Ẹ máà bínú.

Tíṣà Àgbà
Gbogbo èyí dùn. Àmọ́ ọdún 31 ni mo fi kọ́ ọmọ kí n tó fẹ̀yìn tì, ẹ jẹ́ kí àgbàlagbà sọ tiẹ̀. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ̀ ń yin Fọ̀n àti Nàgó, Yorùbá ìhà Benin, yìí, èdè wo lẹ fi ṣe ìdánwò àṣejáde? Èdè wo lẹ fi wáṣẹ́? A ò jẹ́ kí wọ́n sọ Yorùbá ní kíláàsì nítorí a mọ ohun tó ń dúró dè wọ́n níta.

Ìyá Rẹ̀mí
Háà. Tíṣà, ẹ ti fọwọ́ kan ojú egbò.

Ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ tèmi, ní Ìbàdàn, pátákó kan wà. Kò ju ìwé àkọsílẹ̀ lọ, wọ́n ki okùn bọ̀ ọ́, wọ́n kọ "vernacular" sójú ẹ̀. Ẹni tó bá sọ Yorùbá ló máa gbé e kọ́rùn, àfìgbà tó bá gbọ́ ẹlòmíràn tó sọ ọ́, kó tó lè bọ́ ọ fún un. Ẹni tó bá wà lọ́rùn ẹ̀ nígbà tí aago bá lù, ẹgba mẹ́fà. Ẹ jẹ́ kí n jẹ́wọ́. Ọjọ́ kan, ó ku díẹ̀ kí aago lù, ó wà lọ́rùn mi. Mo yọ́ lọ sẹ́yìn ọmọkùnrin kan tó ń jẹ ẹ̀pà ẹ̀ jẹ́ẹ́jẹ́, mo ja á léèékánná. Ó ké "Yéè!" Mo ní vernacular! Mo bọ́ pátákó, mo gbé e kọ́ ọ lọ́rùn. Ó jẹ ẹgba mẹ́fà mi. Òun àti èmi ṣì jọ wà nínú ẹgbẹ́ ọmọ iléèwé àtijọ́, kò tíì dárí jì mí.

Bàbá Ìbejì
"Yéè" kì í ṣe Yorùbá. Òyìnbó náà ń ké yéè.

Alájàpá Kùtọnu
Òyìnbó wo? "Áóò" ni tiwọn.

Bàbá Ìbejì
Ẹ já òyìnbó kan léèékánná ká gbọ́.

Kétu Nilé
Lọ́dọ̀ wa náà ni o. Wọ́n ń pè é ní "signal". Egungun màlúù làwọn kan ń lò. Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé ò gbọ́ra wọn yé lórí nǹkan kan, àmọ́ wọ́n gbọ́ra yé lórí ìyẹn.

Tíṣà Àgbà
Èmi náà lo pátákó yẹn. Ọwọ́ mi ni mo fi gé e.

Olówu Ifẹ̀
Tíṣà, ẹ kú iṣẹ́, mi ò bú yín. Àmọ́ ẹ̀gbọ́n mi obìnrin wà lára àwọn tí wọ́n fi Yorùbá kọ́ ní Ifẹ̀, nígbà ètò tí Fafunwa àtàwọn ẹlẹgbẹ́ ẹ̀ ní yunifásítì bẹ̀rẹ̀ ní 1970. Ọdún mẹ́fà gbáko: ìṣirò, sáyẹ́ǹsì, gbogbo ẹ̀, ní Yorùbá. Wọ́n kọ́ Gẹ̀ẹ́sì lọ́tọ̀, bí iṣẹ́ kan, olùkọ́ tó gbọ́ ọ dáadáa ló sì ń kọ́ wọn. Wọn ò gbẹ́yìn àwọn tí wọ́n fi Gẹ̀ẹ́sì kọ́, kódà nínú Gẹ̀ẹ́sì fúnra ẹ̀. Ẹ̀gbọ́n mi ń ta sìmẹ́ńtì báyìí. Tó bá ń ṣírò owó oníbàárà, ẹ máa gbọ́ tó ń kùn lábẹ́lẹ̀ pé "sọ ọ́ di púpọ̀ ní ogójì". Kálúkúlétọ̀ wà lórí tábìlì, kì í wò ó.

Tíṣà Àgbà
Mo gbọ́ nípa Ifẹ̀ dáadáa. Ẹ jẹ́ n bi yín. Ibi tí mo ti kọ́ni kẹ́yìn, Àgbádárìgì ni. Ọmọ 58 nínú kíláàsì kan. Ègùn pọ̀ níbẹ̀ ju Yorùbá lọ, ọmọ Ìgbò wà, ọmọ Hausa mẹ́rin wà. Èwo ni kí n fi kọ́ wọn? Tí mo bá mú Yorùbá, ṣé kì í ṣe pé mo ti di òyìnbó fún ọmọ Ègùn nìyẹn?

Olówu Ifẹ̀
Ìyẹn le.

Ọmọ Jóbọ́ọ̀gì
Ẹ wá wo South Africa. Èdè 11 ló wà nínú òfin wọn ti 1996, wọ́n fi ti àwọn adití kún un ní 2023, ó di 12. Síbẹ̀, ẹ wọ báǹkì kí ẹ rí i, Gẹ̀ẹ́sì ni fọ́ọ̀mù. Àmọ́ wọn kì í fi èdè ṣeré, torí Afrikáànù tí ìjọba àwọn aláwọ̀ funfun fẹ́ fipá fi kọ́ àwọn ọmọ Soweto ní 1976 ni ìbọn ṣe dún. Tèmi ò le tó yẹn. Mo fi Zulu kí ìyá onílé mi "Sawubona" fún oṣù mẹ́ta, kò dáhùn dáadáa rí. Ọmọ ẹ̀ ló pè mí sẹ́yìn ilé pé àgbàlagbà, "Sanibonani" là ń kí i. Wọ́n ní "ẹ" bíi tiwa! Oṣù mẹ́ta ni mo fi ń pe ìyá ọlọ́mọ mẹ́fà ní "ìwọ".

Gbọ́láhàn Dar
Tìẹ sàn. Dar es Salaam, ní Tanzania, àwọn ọ̀dọ́ iléeṣẹ́ wa kọ́ mi ní "Mambo!" ní èdè Swahili, mo rò pé ẹ ǹlẹ́ ni. Mo gbé e fún bàbá ìyàwó ọ̀rẹ́ mi, ẹni ọgọ́rin ọdún. Ilé pa lọ́lọ́. Bíi kí n wọlé tọ baálé kan kí n ní "Báwo, bọ̀bọ́?" "Shikamoo" là ń kí àgbà níbẹ̀, wọ́n á ní "Marahaba". Mo dọ̀bálẹ̀ gbalaja láti fi tún un ṣe, ìyẹn wá dẹ́rù bà wọ́n ju ti àkọ́kọ́ lọ. Wọ́n rò pé mo dákú.

Ìyá Rẹ̀mí
Yéè!

Bàbá Ìbejì
Vernacular. Gbé pátákó.

Olówu Ifẹ̀
Nítorí Ọlọ́run, ẹ ka ìwé òfin wa ti 1999, apá 55. Wọ́n ní Gẹ̀ẹ́sì nilé aṣòfin àpapọ̀ máa fi ṣiṣẹ́, àti Hausa, Ìgbò àti Yorùbá, nígbà tí ètò tó yẹ bá ti wà. Láti 1999, ta ló ń ṣètò?

Dúdúyẹmí
Àwọn tó ń ṣètò iná mànàmáná ni.

Tósìn B
Àkànbí, mo ṣì ń dúró o. Kí lẹ fún obìnrin náà?

Àkànbí Ṣakí
Ẹ̀ ń fúngun mọ́ mi. Mo na 2,000 sẹ́fà sí i láàárọ̀ ọjọ́ kejì, kò gbà á. Ó ní tí mo bá tún ń bọ̀, kí n bá òun mú abọ́ ńlá kan wá, irú èyí tó ní ọmọrí, ti aláwọ̀ ewé. Mo padà dé lẹ́yìn oṣù márùn-ún, mo gbé e dání. Wọ́n ní ó ti padà sí Ṣábẹ. Mo bèèrè orúkọ ẹ̀, nọ́ọ̀sì fi Faransé ṣàlàyé fún mi títí, mi ò gbọ́ ẹyọ kan. Mo gbé abọ́ mi padà sílé. Ìyàwó mi fi ń rẹ ẹ̀wà.

Tósìn B
Ṣé ọmọrí ẹ̀ ṣì wà?

Àkànbí Ṣakí
Ó wà.