Ìsàmì àbí ìtẹ̀bọmi? Ẹ gbà mí nímọ̀ràn lórí ọmọ mi

Ìyá Ìkókó, Ìtòkú:
Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin ẹ̀gbọ́n àti ẹ̀yin òbí mi. Ilé Mùsùlùmí ni wọ́n bí mi sí. Ọdún kẹta rèé tí mo di onígbàgbọ́, ṣọ́ọ̀ṣì Onítẹ̀bọmi tí ọkọ mi ń lọ ni wọ́n sì ti ṣe ìrìbọmi fún mi. Ọmọ wa pé oṣù mẹ́ta lọ́sẹ̀ tó kọjá. Ìyá ọkọ mi, ọmọ ìjọ Áńgílíkà ní Aké, gbé ẹ̀wù funfun kékeré kan wá. Inú ọ̀rá ló wà, òórùn káńfọ̀ ń ta lára rẹ̀. Òun ni ọkọ mi wọ̀ lọ́jọ́ tí wọ́n sàmì fún un. Wọ́n ní òun náà lọmọ mi máa wọ̀. Ọkọ mi kọ̀ jálẹ̀. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin tó ń lọ Sẹ́lẹ́ tún ní tiẹ̀ lọ́tọ̀.

Ṣé ẹ̀sìn kan náà ni gbogbo wọn ń ṣe? Kí ni wọ́n jọ gbà gbọ́, ibo ni wọ́n ti yà? Kí ni kí n sọ fún ìyá ọkọ mi? Mi ò fẹ́ kí wọ́n bínú, mi ò sì fẹ́ ṣe ohun tí kò yé mi lórí ọmọ mi.

Bàbá Tíṣà, Ìjẹjà:
O kú ewu ọmọ, ọmọ mi. Olúwa á wò ó. Ẹ̀sìn kan náà ni.

Ọlọ́run kan ni gbogbo wa ń sìn: Baba, Ọmọ àti Ẹ̀mí Mímọ́. Mo mọ̀ pé ibẹ̀ máa ń le fún ẹni tí wọ́n tọ́ nílé Mùsùlùmí, ṣùgbọ́n kì í ṣe ọlọ́run mẹ́ta là ń wí. Jésù, Ọmọ Ọlọ́run, di ènìyàn nínú Màríà Wúńdíá, ó kú lórí àgbélébùú nítorí ẹ̀ṣẹ̀ wa, ó jíǹde lọ́jọ́ kẹta, yóò sì padà wá. Oore-ọ̀fẹ́ ló ń gbani là, kò sẹ́ni tó lè fowó rà á. Ní 325 làwọn bíṣọ́ọ̀bù péjọ sí ìlú Níséà tí wọ́n kọ ìjẹ́wọ́ ìgbàgbọ́ sílẹ̀, wọ́n tún fi kún un ní 381. Ìyá ọkọ rẹ mọ̀ ọ́n sórí, bi wọ́n wò.

Lẹ́yìn ìyẹn ni ìyapa dé. Ní 1054, Róòmù, ìyẹn ìjọ Àgùdà, àti àwọn Ọ́tọ́dọ́ọ̀sì ti Ìlà-Oòrùn pínyà, pàápàá lórí àṣẹ Póòpù. Ní 1517, Martin Luther ní Jámánì tako títa ìwé ìdáríjì, ìyẹn ló bí Pùròtẹ́sítáǹtì. Ní 1534, ọba ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì yọ ìjọ tiẹ̀ kúrò lábẹ́ Póòpù: Áńgílíkà nìyẹn, ara rẹ̀ sì ni Mẹ́tọ́díìsì ti jáde. Àwọn Aládùúrà wa ni tiwa-n-tiwa: Kérúbù àti Séráfù bẹ̀rẹ̀ ní Èkó ní 1925, Sẹ́lẹ́ ní Àjàṣẹ́ ní 1947.

Ìyá Akọrin, Ìbarà:
Onítẹ̀bọmi lèmi náà. Ẹni tó gbọ́ ọ̀rọ̀, tó ronú pìwà dà, tó sì fẹnu ara rẹ̀ jẹ́wọ́ là ń tẹ̀ bọ omi. Ọmọ oṣù mẹ́ta ò tíì lè jẹ́wọ́ nǹkan kan. A máa ń gbé e síwájú Olúwa, a ó gbàdúrà fún un, kò sí ti omi níbẹ̀. Ọmọ ọdún mẹ́tàdínlógún ni mí nígbà tí wọ́n tẹ̀ mí bọ odò Ògùn. Omi ọ̀hún tutù débi pé eyín mi ń gbá ara wọn, pásítọ̀ sì di ẹ̀yìn mi mú gírígírí. Mo mọ ohun tí mo ń ṣe lọ́jọ́ yẹn. Mi ò lè gbàgbé.

Ọmọ Lántòro:
Ẹ má bínú, mà. Nínú Ìṣe Àwọn Àpọ́sítélì orí 16, onítúbú ìlú Fílípì àti gbogbo ará ilé rẹ̀ ni wọ́n ṣe ìrìbọmi fún lóru. Ilé wo ni kò ti ní ọmọdé? Àwa Àgùdà gbà pé oore-ọ̀fẹ́ Ọlọ́run kì í dúró de ìgbà tí ọmọ bá gbọ́n. Ìyá Ìkókó, tí wọ́n bá fi omi sàmì fún ọmọ yín ní Aké ní orúkọ Baba àti Ọmọ àti Ẹ̀mí Mímọ́, bó bá di Àgùdà lọ́la, a ò ní tún un ṣe.

Ìyá Akọrin, Ìbarà:
Bíbélì ò kúkú sọ pé ọmọ ọwọ́ wà nílé onítúbú. Ṣùgbọ́n mo gbọ́ yín.

Ìyá Ìkókó, ẹ jẹ́ n bi yín: ṣé wọ́n ti tẹ ọkọ yín náà bọ omi ní ṣọ́ọ̀ṣì yín? Bó bá jẹ́ bẹ́ẹ̀, ìyá ti gbà pé ọmọ òun sọ ìsàmì tí òun ṣe fún un dasán. Ọgbẹ́ náà lẹ fọwọ́ kàn yẹn.

Bàbá Tíṣà, Ìjẹjà:
Òótọ́ lo sọ, Ìyá Akọrin.

Ìyá Ìkókó, jẹ́ n sọ ìtàn kan fún ọ nípa ìjọ ìyá ọkọ rẹ. Ní 1846, Àjàyí Crowther, alùfáà Áńgílíkà, rí ìyá rẹ̀ Àfàlà ní Abẹ́òkúta níbí, ẹni tí ogun ti yà á nípa láti 1821. Ní 1848 ni wọ́n ṣe ìrìbọmi fún ìyá náà, wọ́n sọ ọ́ ní Hannah. Arúgbó tó fẹnu ara rẹ̀ jẹ́wọ́ ni. Áńgílíkà mọ ìrìbọmi àgbà dáadáa. Ọmọ tí wọ́n bá sì sàmì fún, bó bá dàgbà, òun fúnra rẹ̀ ló máa fẹnu gba ẹ̀jẹ́ tí bàbá àti ìyá ìsàmì jẹ́ fún un, kí bíṣọ́ọ̀bù tó gbọ́wọ́ lé e lórí.

Ìwọ kọ́ ló máa dá ìyá lóhùn. Ọmọ wọn ni kó lọ. Kúnlẹ̀ dúpẹ́ ẹ̀wù náà ná.

Ìyá Ìkókó, Ìtòkú:
Mo padà wá, ẹ ṣé o. Mo bi ọkọ mi. Ọdún márùn-ún sẹ́yìn ni wọ́n tẹ̀ ẹ́ bọ omi, kí a tó mọra, kò sì sọ fún ìyá rẹ̀. Ẹlòmíràn ni wọ́n gbọ́ ọ lẹ́nu ẹ̀.

A lọ sí Aké lánàá. Ọkọ mi dọ̀bálẹ̀, kò tètè dìde. Ìyá bi í pé, "Omi tí wọ́n fi sàmì fún ẹ, ṣé kì í ṣe omi ni?" Kò rí èsì fọ̀. Wọ́n gba ọmọ lọ́wọ́ mi, wọ́n gbé e jó díẹ̀. Wọn ò tíì gbà, ṣùgbọ́n wọ́n ní kí a mú pásítọ̀ wa wá bá alùfáà àwọn sọ̀rọ̀. Mo ní kí n dá ẹ̀wù náà padà títí ìgbà náà, wọ́n ní kí n jẹ́ kó wà lọ́wọ́ mi.