Ẹ̀yin Tẹ́ Ẹ Ti Pe Ẹjọ́ Lórí Ìdíje Ọmọ Yín Rí, Ẹ Wá Sọ Tiyín

Ìyá Ìbejì, Lágere, Ilé-Ifẹ̀:
Kẹ́hìndé mi jó bàtá níbi ìdíje àwọn sẹ́kọ́ńdírì, wọ́n ní ipò kejì ló ṣe. Ipò kejì kọ́ ló dùn mí o. Ìgbà tí wọ́n lẹ ìwé máàkì mọ́ ògiri ni ara mi gbóná: adájọ́ kẹta ti kọ 14 fún un, wọ́n fi bírò fa igi lé e, wọ́n kọ 9 sí i lórí, kò sẹ́ni tó buwọ́ lù ú. Adájọ́ ọ̀hún, ẹ̀gbọ́n ìyá ọmọ tó gba ipò kìíní ni!

Lọ́yà tí mo bá ò jẹ́ kí n rojọ́ ijó rárá. Bí mo bá ti ní "ọmọ mi mọ̀ ọ́n jó jù," á ní, "Màámi, adájọ́ kóòtù ò mọ bàtá. Ẹ̀gbọ́n ìyá yẹn ni ká máa sọ." Ó mẹ́nu ba ẹjọ́ Garba àti Yunifásítì Maiduguri, ọdún 1986. Wọ́n lé àwọn akẹ́kọ̀ọ́ lẹ́yìn rògbòdìyàn. Ìgbákejì gíwá tí wọ́n dáná sun ilé rẹ̀ sì wà lára àwọn tó wádìí ọ̀rọ̀ náà. Ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ ní kò lè rí bẹ́ẹ̀, ẹni tí ọ̀rọ̀ kàn ò gbọdọ̀ wà lára àwọn tó ń dá a.

Lẹ́tà kan péré ló kọ sí ìgbìmọ̀ ìdíje. Wọ́n yọ máàkì adájọ́ kẹta kúrò, àwọn ọmọ méjèèjì sì jọ lọ sí ti ìpínlẹ̀.

Tíṣà Àgbà, Iléṣà:
Ìyá Ìbejì, ẹ kú oríire. Èmi wà lára àwọn tí wọ́n pè lẹ́jọ́. Orin ni, kò sì sí ẹbí ẹnikẹ́ni láàárín wa. Bàbá ọmọ náà kàn ní a ò gbọ́ orin ni. Ọmọ Òṣómàáló paraku! Ó dúró fún ọmọ rẹ̀ tí kò tíì pé 18, ó wọ́ wa dé kóòtù. Lọ́yà wa gbé ẹjọ́ Magit àti Yunifásítì Iṣẹ́ Àgbẹ̀ Makurdi, ọdún 2005, jáde: ọ̀rọ̀ máàkì, ti inú ilé ẹ̀kọ́ ni, kí èèyàn kọ́kọ́ fẹjọ́ sùn níbẹ̀ tán. Wọ́n sún ẹjọ́ síwájú, wọ́n tún sún un. Ìdíje ìpínlẹ̀ ti kọjá, ọmọ ti jáde SS3, bàbá ò sì jáwọ́.

Ọmọ Modákẹ́kẹ́:
Ti Kerala ní India ju tiyín lọ. Láti 1957 ni ìdíje iṣẹ́ ọnà ilé ìwé wọn ti wà. Òbí á san owó kí wọ́n tún èsì yẹ̀ wò, bí kò bá tẹ́ ẹ lọ́rùn, ó di kóòtù, torí ẹni tó bá ṣe dáadáa ń gba máàkì àfikún nínú ìdánwò. Ní 2018, àwọn kan gbé ayédèrú ìwé àṣẹ wá kí ọmọ lè gorí ìtàgé!

Ìyá Ìbejì, èló ni lọ́yà gbà?

Ìyá Ìbejì, Lágere, Ilé-Ifẹ̀:
Owó lẹ́tà nìkan. Ó ní kí Kẹ́hìndé wá jó níbi ọjọ́ ìbí ìyá òun, ká pè é ní ìyókù.