Ẹ bá mi wá fíìmù tí kò lóhùn fún bàbá mi

Ẹ kú ìrọ̀lẹ́ o, ẹ̀yin ará. Etí bàbá mi ti ń di, fíìmù tí a jọ ń wò kò sì dùn mọ́ wọn mọ́. Lọ́sẹ̀ tó kọjá, mo fi One Week, fíìmù tí kò lóhùn tí Buster Keaton, aláwàdà ará Amẹ́ríkà, ṣe lọ́dún 1920 hàn wọ́n. Ọkọ ìyàwó ń to ilé onípákó tí wọ́n kó wá nínú àpótí, àṣé ẹnìkan ti yí nọ́ńbà ara àwọn àpótí rẹ̀ pa dà. Ilé bá wọ́ bí ẹrù amúkùn-ún! Nígbà tó há sójú irin, ọkọ̀ ojú irin ń bọ̀, ó gba ẹ̀gbẹ́ ilé kọjá. Bàbá mi mí kanlẹ̀. Wọn ò tíì mí tán tí òmíràn fi yọ láti òdìkejì, ló bá fọ́ ilé túútúú. Wọ́n rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú wọn. Ó ti pẹ́ tí mo ti rí irú ẹ̀rín yẹn lẹ́nu wọn.

Àwọn ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì tó ń yọ lójú fíìmù ni ìṣòro mi. Wọn ò lè kà á, bí mo bá sì pariwo rẹ̀ sí wọn létí, inú wọn kì í dùn. Nínú àwọn fíìmù kékeré Keaton, Chaplin tàbí Harold Lloyd, èwo lọ̀rọ̀ rẹ̀ kéré jù? Àbí kí n máa dá a dúró, kí n fọwọ́ ṣàpèjúwe?