Binka Zhelyazkova àti ọkọ ẹ̀: kí ló dé tí fíìmù wọn ò pọ̀?

Àbẹ̀kẹ́: Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ̀ nípa fíìmù àtijọ́. Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ wo ti Bùlgáríà kan, A byahme mladi (ìyẹn “Ọ̀dọ́ ni wá nígbà yẹn”), ti 1961, lórí àwọn ọ̀dọ́ Sofia, olú ìlú wọn, tó ń bá ìjọba fásíìsì jà lábẹ́lẹ̀ nígbà Ogun Àgbáyé Kejì. Ibì kan wà níbẹ̀ tí òkùnkùn bolẹ̀, tó jẹ́ iná tọ́ọ̀ṣì méjì lẹ máa rí tó ń rìn nílẹ̀, tí ọ̀kan ń wá èkejì kiri, ó wọ̀ mí lára gan-an. Wọ́n ní Binka Zhelyazkova, obìnrin tó darí ẹ̀, asístáǹtì dáírẹ́kítọ̀ ló kọ́kọ́ ṣe, Hristo Ganev ọkọ ẹ̀ ló sì kọ ìtàn ẹ̀. Ṣé ipò asístáǹtì yẹn ló dá a dúró tí fíìmù ẹ̀ ò fi pọ̀ ni, àbí kí ló ṣẹlẹ̀?

Bọ́dé Kámẹ́rà: Rárá o àbúrò, iṣẹ́ asístáǹtì ló kọ́ ọ níṣẹ́. Asístáǹtì ló ń to ètò ọjọ́, ló ń pe òṣèré, ló ń sọ ibi táwọn èrò ẹ̀yìn máa dúró sí, ẹni tó bá ṣe é dáadáa ti mọ bí wọ́n ṣe ń ya fíìmù látòkè délẹ̀. Stúdíò ìjọba ní Boyana ló ti ṣe é. Ohun tí wọ́n ń kọ ló dá wàhálà sílẹ̀. Fíìmù àkọ́kọ́ wọn, 1957, àwọn méjèèjì ló jọ darí ẹ̀, Ganev kọ ọ́ lórí àwọn tó bá ìjọba fásíìsì jà nínú igbó tẹ́lẹ̀, tí wọ́n wá dépò tán tí wọ́n yí padà. Ẹ rántí pé Ganev fúnra ẹ̀ jà nínú igbó yẹn o! Ìjọba Kọ́múníìsì ti fíìmù náà mọ́lé, 1988 làwọn èèyàn tó rí i.

Àbẹ̀kẹ́: Háà! Ìjọba ló fowó ṣe é, ìjọba ló tún tì í mọ́lé?

Bọ́dé Kámẹ́rà: Bẹ́ẹ̀ ni. Kò sí oníṣòwò kankan tí owó ẹ̀ há síbẹ̀ tó máa pariwo, torí náà kò ṣòro fún wọn láti ti fíìmù tó ti parí mọ́lé.

Ìyá Tóyìn: Ẹ má gbàgbé ti 1967 o, èyí tí Yordan Radichkov kọ, táwọn ará abúlé ń lé bàlóònù ológun kan tó já, wọ́n tún gbẹ́sẹ̀ lé ìyẹn náà. Ganev ní tiẹ̀, nígbà tí wọ́n ní káwọn òǹkọ̀wé fọwọ́ sí ìwé tí wọ́n fi bu ẹnu àtẹ́ lu Solzhenitsyn, òǹkọ̀wé ará Rọ́ṣíà, torí ẹ̀bùn Nobel tó gbà, ó kọ̀, wọ́n lé e kúrò nínú ẹgbẹ́ òṣèlú Kọ́múníìsì. Ohun tó wú mi lórí ni pé ìyàwó ẹ̀ ò tìtorí ẹ̀ dẹwọ́, ó ṣe ti 1973 lórí àwọn obìnrin tí wọ́n dájọ́ ikú fún, ìyẹn sì dé àjọ̀dún fíìmù Cannes ní Faransé ní 1974. Mẹ́sàn-án ni gbogbo fíìmù ẹ̀, wọ́n ti mẹ́rin mọ́lé nínú ẹ̀. Àbẹ̀kẹ́ mi, ti bàlóònù yẹn ni kó o wò tẹ̀ lé e.