Lọ́yà tó ń kọ fíìmù, ṣé eku méjì ló ń lé?

Lọ́yà Ìgbógbó:
Ẹ̀yin àgbà, ẹ kú ìjókòó o. Lọ́yà kékeré ni mí n'Íkòròdú níbí, ẹjọ́ ilẹ̀ ló pọ̀ jù lọ́wọ́ wa. Tí wọ́n bá múná lọ lálẹ́, mo máa ń kọ ìtàn fíìmù sínú ìwé. Àná ni ọ̀gá mi ká ìwé náà mọ́ mi lọ́wọ́. Ó ní ẹni tó lé eku méjì á pòfo. Ṣé lọ́yà kankan wà tó ṣe méjèèjì yọrí?

Bàbá Kásẹ́ẹ̀tì Sábó:
Ọ̀gá ẹ ò mọ Krzysztof Piesiewicz ni. (Èmi náà ò lè pè é, Lọ́yà Warsaw ni mò ń pè é, torí lọ́yà ni ní Warsaw, olú-ìlú Poland, ó sì ń kọ fíìmù. Kásẹ́ẹ̀tì ni mo ń yá àwọn èèyàn ní Sábó nígbà kan.)

Dìsẹ́ńbà 1981 ni ìjọba Poland kó sójà sígboro, tí wọ́n ń wọ́ àwọn alátakò lọ sí kóòtù. Piesiewicz ń gbẹjọ́ wọn rò. Lọ́dún kejì, Krzysztof Kieślowski, olùdarí fíìmù, gbé kámẹ́rà wọ kóòtù, ó fẹ́ ya ojú ẹni tó ń dájọ́ àti ojú ẹni tí wọ́n ń dá lẹ́jọ́. Bí adájọ́ ṣe rí kámẹ́rà báyìí, ọwọ́ ẹ̀ rọ̀! Ta ló fẹ́ kí wọ́n rí òun lọ́la níbi tó ti ń sọ ọmọ ọlọ́mọ sẹ́wọ̀n? Làwọn lọ́yà bá ń bẹ Kieślowski pé kó wá jókòó sí ẹjọ́ tiwọn náà. Ó wá kámẹ́rà kejì, kò tiẹ̀ fi fíìmù sínú ẹ̀, kí adájọ́ ṣáà ti rí i ló fẹ́.

Ibẹ̀ làwọn méjèèjì ti dọ̀rẹ́. Wọ́n jọ kọ fíìmù No End, 1985: lọ́yà ti kú, ó ṣì ń wo ìyàwó ẹ̀ àti ẹjọ́ tó fi sílẹ̀. Lọ́jọ́ kan tí òjò ń rọ̀, tí òtútù ń mú, Kieślowski sọ ìbọ̀wọ́ ẹ̀ kan nù, ló bá ṣe kòńgẹ́ Piesiewicz. Ìyẹn ní ó yẹ kẹ́nì kan fi Òfin Mẹ́wàá ṣe fíìmù, kí Kieślowski ṣe é. Bí Dekalog ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyẹn, fíìmù mẹ́wàá, bíi wákàtí kan kan. Nínú ìkarùn-ún, lọ́yà ọ̀dọ́ kan ń gbèjà apààyàn tí wọ́n máa so kọ́. Ẹni tí ò wọ kóòtù rí ò lè kọ ọ́ bẹ́ẹ̀. Ní 1995, fíìmù Red tí wọ́n jọ kọ wà lára àwọn tó du Oscar fún ìtàn kíkọ.

Eku kan ṣoṣo ni, ọmọ mi. Inú kóòtù ló ń gbé.

Ẹ̀gbọ́n Ìjẹ̀dẹ̀:
Òótọ́ ni Bàbá sọ. Ṣùgbọ́n má kọ àṣírí oníbàárà ẹ síbẹ̀ o, Ìkòròdú ò tóbi tó bẹ́ẹ̀. Kó o sì gbowó kó o tó fi ìwé sílẹ̀. Èmi kọ ìtàn fún ẹnì kan rí, ìrẹsì àti kóòkì ni mo jẹ ní lokéṣàn. Nígbà tó jáde, mo wo orúkọ títí dé ìparí, kò sí tèmi.

Lọ́yà Ìgbógbó:
Ẹ ṣeun gan-an, sà. Ẹ ṣé, ẹ̀gbọ́n. Mo sọ ti No End yẹn fún ọ̀gá mi. Ó dákẹ́ díẹ̀, ó ní, "Nínú ìwé tìẹ ńkọ́, lọ́yà wo ló kú?"