Ọmọbìnrin wa gbé ibi kọ́rùn wáyé: ṣé dandan ni kí ó máa jẹ́ Àìná?

Ìyá Ọmọ Tuntun, Leeds

Ẹ̀yin àgbà àti ẹ̀yin ẹlẹgbẹ́ mi nínú ẹgbẹ́ yìí, mo kí yín o. Ọjọ́ Ajé tó kọjá ni mo bímọ, obìnrin ni, àlàáfíà sì ni èmi àti ọmọ wà. Iṣẹ́ abẹ ni wọ́n fi gbé e jáde, nítorí pé ọkàn rẹ̀ ń lù ségesège nígbà tí mo ń rọbí lọ́wọ́. Bí wọ́n ti gbé e jáde ni agbẹ̀bí fi han ọkọ mi bí okùn ìwọ́ ṣe wé mọ́ ọmọ náà lọ́rùn lẹ́ẹ̀mejì, kí ó tó tú u. Ọkọ mi kò mọ̀ pé ọ̀rọ̀ wà níbẹ̀ rárá, ó kàn ròyìn gbogbo rẹ̀ fún ìyá rẹ̀ ní Ògbómọ̀ṣọ́ lórí fóònù ní alẹ́ ọjọ́ náà. Kò tíì sọ̀rọ̀ tán tí Màmá fi bẹ̀rẹ̀ sí í pariwo pé, "Àìná dé! Àìná dé!" Láti ìgbà náà, wọn kò tíì fi orúkọ mìíràn pe ọmọ yìí.

Láti ìgbà tí oyún ti wà ní oṣù márùn-ún ni èmi àti ọkọ mi ti mú Ọlámidé àti Ìfẹ́olúwa sílẹ̀. Màmá ní àwọn kò bá wa jà, kí a sọ ọmọ wa ní ohun tí ó bá wù wá, ṣùgbọ́n Àìná kì í ṣe orúkọ tí bàbá àti ìyá ń jókòó yàn, ọmọ fúnra rẹ̀ ni ó gbé e bọ̀ láti ọ̀run. Ẹ̀gbọ́n mi obìnrin, ní tirẹ̀, kìlọ̀ fún mi pé n kò gbọdọ̀ gbà, nítorí pé orúkọ òrìṣà ni. Mo wá a lórí Google, ó túbọ̀ da orí mi rú. Wọ́n ní Aina ni àwọn tí ń sọ èdè Catalan ń pe Anna. Ní èdè àwọn ará Finland, ọ̀rọ̀ náà túmọ̀ sí "nígbà gbogbo". Ní Madagascar, "ìyè" ni. Kò sí ọ̀kan nínú wọn tí ó jọ ohun tí Màmá ń wí.

Ẹ jọ̀wọ́, kí ni ìtumọ̀ orúkọ yìí ní tiwa? Ǹjẹ́ ọmọ tí kò gba ojú ara wá sáyé tilẹ̀ lè jẹ́ Àìná? Ọjọ́ Ajé tó ń bọ̀ yìí ni ìkómọ.

Olùkọ́ Èdè, Ìbàdàn

Ẹ kú ewu ọmọ, ẹ kú oríire. Ẹ fi ti Catalan àti ti Finland sílẹ̀, nítorí pé lẹ́tà nìkan ni ó pa wọ́n pọ̀ mọ́ tiwa. Orúkọ àmútọ̀runwá ni Àìná. Ọmọbìnrin tí ó bá gbé ibi kọ́ ọrùn wáyé ni à ń pè bẹ́ẹ̀, bí ó bá sì jẹ́ ọkùnrin, Òjó ni, bó tilẹ̀ jẹ́ pé àwọn àdúgbò kan wà tí wọ́n ti ń pe ọkùnrin náà ní Àìná. Ẹgbẹ́ kan náà ni ó wà pẹ̀lú Ìgè, tí ó fi ẹsẹ̀ ṣáájú jáde, àti Àjàyí, tí ó da ojú bolẹ̀ nígbà tí wọ́n bí i, àti Dàda, tí irun rẹ̀ ta kókó láti inú wá. Alùfáà Samuel Johnson, tí ó parí ìwé ìtàn Yorùbá rẹ̀ ní 1897, tí wọn kò sì rí i tẹ̀ jáde títí di 1921, to àwọn orúkọ wọ̀nyí jọ, ohun tí ó sì sọ nípa Òjó àti Àìná kò yàtọ̀ sí ohun tí ìyá ọkọ yín sọ lórí fóònù.

Ní ti òrìṣà, ẹ̀gbọ́n yín ṣe àṣìṣe. Ẹni tí ó ń jẹ́ Ògúnbíyìí tàbí Ṣàngódélé ni òrìṣà wà nínú orúkọ rẹ̀ gbangba. Àìná kò dárúkọ òrìṣà kankan, kò sì dárúkọ ìdílé, ipò tàbí ọrọ̀. Ohun tí ojú rí ní ibi ìkúnlẹ̀ nìkan ni ó ń ròyìn.

Ẹ ó gbọ́ lẹ́nu àwọn kan pé "ẹni tí a kì í nà" ni ìtumọ̀ rẹ̀, pé ìdí nìyẹn tí a kò fi gbọdọ̀ fi pàṣán kan Àìná. Ìyá tèmi náà gbà bẹ́ẹ̀, àbúrò mi Àìná sì jẹ ànfààní rẹ̀ dáadáa nígbà tí a wà ní kékeré. Ṣùgbọ́n ohùn kò gbè é. Ohùn ìsàlẹ̀ ni "nà" ní, bí a bá sì fi "àì" ṣáájú rẹ̀, "àìnà" ni yóò fún wa, bẹ́ẹ̀ ohùn òkè ni orúkọ yìí fi parí. Bí a bá ní kí a tẹ̀lé ohùn nìkan, àìná owó ni yóò jáde, èyí tí kò kan ìwọ́ ọmọ rárá. Ìmọ̀ràn mi ni pé kí ẹ má ṣe fọ́ orúkọ náà sí wẹ́wẹ́ láti wá ìtumọ̀ nínú rẹ̀, gẹ́gẹ́ bí ẹnikẹ́ni kò ti ń fọ́ Òjó tàbí Ìgè. Bí a ṣe bí ọmọ náà gan-an ni ìtumọ̀ rẹ̀.

Bàbá Ìbejì, Houston

Ẹ má bínú sí mi, èrò tèmi yàtọ̀. Láyé àtijọ́, nígbà tí kò sí ìwé ìbí, ó yẹ kí orúkọ máa sọ bí wọ́n ṣe bí ọmọ. Lónìí, gbogbo rẹ̀ ti wà nínú ìwé ilé ìwòsàn. Kí ni ọmọ tí yóò dàgbà sí Leeds fẹ́ fi ìròyìn ìwọ́ ṣe? Wọn kì í fi àmì ohùn sí ìwé ìrìnnà, gbogbo olùkọ́ ni yóò sì máa pè é bí ó bá ti yọ sí wọn lẹ́nu. Ọlámidé dára, ó ní ìtumọ̀ tí ènìyàn lè fi ẹnu sọ. Ẹ bẹ Màmá, wọn yóò gbà.

Ẹni Tí Orúkọ Bàbá Rẹ̀ Ń Jẹ́ Àìná, Abẹ́òkúta

Bàbá Ìbejì, ta ni ó ní kí ẹ pe àwọn méjèèjì tẹ́ ẹ bí ní Táíwò àti Kẹ́hìndé? Ṣé kò sí nínú ìwé ilé ìwòsàn tiwọn pé méjì ni wọ́n?

Bàbá Ìbejì, Houston

Ẹ ti mú mi. Ṣùgbọ́n ti ìbejì yàtọ̀, gbogbo ayé ni ó ń rí i pé méjì ni wọ́n. Ta ni ó rí ìwọ́ ọmọ yìí?

Agbẹ̀bí Tó Ti Fẹ̀yìn Tì, Ìjẹ̀bú-Òde

Ọ̀rọ̀ tí Bàbá Ìbejì sọ gbẹ̀yìn yẹn gan-an ni ó mú mi kọ̀wé, nítorí pé iṣẹ́ tí mo ṣe jẹun nìyẹn.

Lákọ̀ọ́kọ́, ìyá ọmọ, ẹ fi ọkàn balẹ̀. Nínú 100 ọmọ tí oyún wọn pé oṣù, bíi 20 sí 30 ni okùn máa ń wà lọ́rùn wọn nígbà tí a bá ń bí wọn. Okùn náà máa ń gùn tó sẹ̀ǹtímítà 50 sí 60, ọmọ sì ń yí kiri nínú omi rẹ̀ fún ọ̀pọ̀ oṣù, nítorí náà kò ṣòro kí ó wé mọ́ ọn. Kì í ṣe ohun tí ẹ jẹ, kì í ṣe aṣọ tí ẹ na ọwọ́ sókè láti sá, ẹ má sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fi irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ bà yín nínú jẹ́. Èyí tí ó pọ̀ jù nínú wọn ni ó máa ń rọ̀. Bí orí ọmọ bá ti yọ, màá fi ìka méjì yẹ ọrùn wò, bí mo bá bá okùn níbẹ̀, màá rọra fà á kọjá lórí rẹ̀ bí ìgbà tí ènìyàn ń bọ́ ìlẹ̀kẹ̀ ọrùn ọmọdé, gbogbo rẹ̀ kò sì tó kí ìyá fi mí kanlẹ̀ lẹ́ẹ̀kan.

Ẹ wá wò ó: bí ó bá wọ́pọ̀ tó bẹ́ẹ̀, kí ló dé tí Àìná kò kún ìgboro? Mo ti ronú lé e lórí pẹ́. Nígbà tí ó jẹ́ pé ẹ̀yìnkùlé tàbí inú yàrá ni wọ́n ti ń bímọ, ìyá ọkọ àti àwọn ìyàwó ilé ni ó dúró ti aboyún, ojú wọn ni ọmọ ṣe yọ. Bí wọ́n bá ti rí ibi lọ́rùn, ariwo orúkọ ni wọ́n ń pa, ọmọ kò tíì sunkún tán tí orúkọ fi mọ́ ọn lórí. Nígbà tí a kó ìbímọ lọ sí ilé ìwòsàn, àwa tí a rí okùn náà kì í ṣe ẹbí, ọwọ́ wa sì dí. A ń tú u, a ń lọ. Mo mọ̀ dájú pé mo fi ọwọ́ ara mi tú Àìná àti Òjó tí ó pọ̀ sílẹ̀, tí àwọn òbí wọn kò gbọ́ nípa rẹ̀ títí di òní. Bí orúkọ yìí ṣe ń dínkù nìyẹn, ní tèmi. Kì í ṣe pé àwọn ènìyàn kọ̀ ọ́, kò sí ẹni tí ó ròyìn fún wọn ni.

Nítorí náà, ìdáhùn mi sí ìbéèrè iṣẹ́ abẹ ni pé Àìná ni ọmọ yín. Kò sí ibi tí a ti gbọ́ pé ọ̀nà tí ọmọ gbà jáde ni ó ń fún un ní orúkọ yẹn. Ibi wà lọ́rùn rẹ̀, ẹbí kan sì wà níbẹ̀ tí ó rí i, ọkọ yín nìyẹn.

Ọmọ Yewa, Ìláròó

Ẹ̀yin tí ẹ wà ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, Àìná kan ti ṣáájú ọmọ yín dé ibẹ̀, ìlú tirẹ̀ kò sì jìnnà sí tèmi. Ní Òkè-Ọ̀dàn ní ilẹ̀ Yewa, tí wọ́n ń pè ní Ẹ̀gbádò nígbà náà, ni wọ́n ti bí i ní nǹkan bí ọdún 1843. Ní 1848 àwọn ọmọ ogun Dahomey kọlu ìlú náà, wọ́n pa àwọn òbí rẹ̀, wọ́n sì kó o lọ sí ààfin Ọba Ghezo. Ibẹ̀ ni Frederick Forbes, ọ̀gá ọkọ̀ ojú omi ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tí ó ń jẹ́ Bonetta, bá a ní 1850, nígbà tí wọ́n rán an lọ bá ọba sọ̀rọ̀ lórí òwò ẹrú, ọba sì fi ọmọ náà ta Ọbabìnrin Victoria lọ́rẹ. Wọ́n ṣe ìrìbọmi fún un, wọ́n pè é ní Sarah Forbes Bonetta. Forbes ni orúkọ ọ̀gá ọkọ̀, Bonetta sì ni orúkọ ọkọ̀ fúnra rẹ̀. Ẹ gbọ́ ná: orúkọ ọkọ̀ ojú omi di orúkọ ọmọ ènìyàn, ti ibi ìkúnlẹ̀ ìyá rẹ̀ sì di ohun ẹ̀yìn.

Ọbabìnrin ni ó gbọ́ bùkátà ẹ̀kọ́ rẹ̀. Ní August 1862 ó ṣe ìgbéyàwó ní Brighton pẹ̀lú James Pinson Labulo Davies, oníṣòwò ńlá tí ó padà mú un wá sí Èkó. Ó bí obìnrin ní 1863, Victoria ni wọ́n sọ ọ́, Ọbabìnrin sì ṣe ìyá ìsàmì fún un. Ìlú Funchal ní erékùṣù Madeira ni ó kú sí ní 1880. Nínú àwọn àkọsílẹ̀ mìíràn, Ina ni wọ́n kọ orúkọ rẹ̀ àkọ́kọ́ sí, láìní àmì, láìní "A" tí ó ṣáájú. Síbẹ̀, ohun tí ó kù yẹn tó fún àwa tí a gbọ́ èdè láti mọ ohun kan nípa wákàtí tí wọ́n bí i, nígbà tí a kò mọ orúkọ ìyá rẹ̀ pàápàá. N kò mọ orúkọ àbísọ kankan tí ó lè ṣe irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀.

Ìyá Ọmọ Tuntun, Leeds

Ẹ ṣeun púpọ̀. Mo ka ti Agbẹ̀bí fún ọkọ mi, ó sì dákẹ́ fún ìgbà díẹ̀. Ohun kan ṣoṣo ni ó kù tí mo fẹ́ bi yín. A ní ọjọ́ 42 láti lọ fi orúkọ ọmọ sílẹ̀ lọ́dọ̀ ìjọba níbí. Bí a bá fẹ́ kọ ọ́ pẹ̀lú Ọlámidé, èwo ni kí ó ṣáájú?

Olùkọ́ Èdè, Ìbàdàn

Nínú ìwé ìjọba, ẹ to wọn bí ó bá ṣe wù yín. Nínú ilé, Àìná ti ṣáájú ná, nítorí pé ó ti ń jẹ́ ẹ láti ọjọ́ Ajé. Orúkọ àmútọ̀runwá kò ní kí orúkọ àbísọ má wọlé. Bí Màmá bá tún ní oríkì lẹ́nu, irú Àjọkẹ́ tàbí Àbẹ̀kẹ́, ẹ gbà á lọ́wọ́ wọn pẹ̀lú.

Ìyá Ọmọ Tuntun, Leeds

Mo padà wá jábọ̀. A kó ọmọ jáde ní àná, ọjọ́ kẹjọ. Ó lá oyin, ó lá iyọ̀, ó sì fajú ro sí orógbó. Orí fóònù ni Màmá wà, a gbé wọn ti ara ìgò oyin lórí tábìlì kí wọ́n lè máa wo ọmọ. Bàbá ọkọ mi sọ ọ́ ní Ọlámidé. Nígbà tí ó kan Màmá, wọn kò tètè dárúkọ. Wọ́n kọ́kọ́ bi ọkọ mi lójú gbogbo ènìyàn pé, "Ẹ̀ẹ̀melòó ni o ní ó wé e?" Ó ní ẹ̀ẹ̀mejì ni. Wọ́n ní, "Ṣé ojú ara rẹ ni o fi rí i, àbí wọ́n sọ fún ọ ni?" Ó ní ojú òun ni òun fi rí i. Ìgbà náà ni wọ́n tó pè é ní Àìná, wọ́n tún fi Àbẹ̀kẹ́ lé e, wọ́n sì ní kí ọkọ mi bá àwọn ju pọ́n-ùn mẹ́wàá sínú abọ́ omi, márùn-ún fún orúkọ kọ̀ọ̀kan, pé àwọn yóò fi ránṣẹ́ padà kí ilẹ̀ tó ṣú. Títí di bí mo ṣe ń kọ èyí, a kò tíì rí i.