Òòkà ni, kì í ṣe ìdánkà

Ẹ̀yin ará, mo kí yín. Olùkọ̀tàn kan láàárín wa, tí ó ń kọ ìtàn àròsọ fún àwọn ọmọdé, béèrè orúkọ tí ó yẹ òkúta inú ìtàn rẹ̀. Òkúta náà kò sí níbì kankan láyé. Wọ́n ń wà á nínú ilẹ̀ bí wọ́n ṣe ń wa wúrà, ó sì ní agbára pàtàkì kan: bí ẹni tí ó dì í mú bá ka ohun tí ó wà níwájú rẹ̀ ní àkàpé, yóò tàn, bí ó bá ṣì í kà, yóò dúdú bí èédú. Ẹnìkan dáhùn kíákíá pé kí ó pè é ní “ìdánkà”, nítorí pé idán ni ó ń pa, iye nǹkan ni ó sì ń kà. Èèyàn mẹ́ta ti yìn ín fún èyí. Ó dùn mí pé n kò lè ṣe ìkẹrin wọn.

Fáwẹ́lì àkọ́kọ́ yẹn ni ìjà mi dúró lé. Idán tí apidán ń pa, re-mí ni ohùn rẹ̀. Ẹni tí ó dá ọ̀rọ̀ yìí kọ ọ́ ní dò-mí, bí ó bá sì ti di dò-mí, kì í ṣe idán mọ́. Ó ti di ọ̀rọ̀-ìṣe “dán” tí a so àfòmọ́ ìbẹ̀rẹ̀ “ì-” mọ́, gẹ́gẹ́ bí a ṣe rí i nínú ìdánwò. Ọmọ tí ó bá rí “ìdánkà” nínú ìwé, ìdánwò ni yóò kọ́kọ́ sọ sí i lọ́kàn, yóò sì rò pé òkúta tí àwọn olùkọ́ fi ń dán ìwé kíkà òun wò ni. Mo mọ̀ pé àwọn kan gbà pé láti ara “dán” náà ni idán ti wá, nítorí pé ohun tí ó ń dán lójú ni. Ó ṣeé ṣe. Ṣùgbọ́n ikú náà wá láti ara “kú”, kò sì sí ẹni tí yóò torí ìyẹn kọ ọ́ ní “ìkú”.

Wọ́n fèsì pé àmì ohùn kékeré kan kò tó nǹkan tí ó yẹ kí a máa fà. Bàbá mi àgbà ìbá ti bínú dìde. Tábìlì ni ó fi kọ́ wa ní ohùn: àtẹ́lẹwọ́ ni ó ń lù mọ́ ọn fún dò, ìka mẹ́ta fún re, èékánná ìka kan fún mí, kò sì ní sọ̀rọ̀ rárá, àwa ni a ó sọ ohun tí tábìlì wí. Ìka mẹ́ta lẹ́ẹ̀mejì: igba. Ìka mẹ́ta, lẹ́yìn náà èékánná: igbá. Àtẹ́lẹwọ́ lẹ́ẹ̀mejì: ìgbà. Ẹni tí ó bá dáhùn igbá nígbà tí tábìlì ti sọ igba yóò tún un gbọ́ títí tí yóò fi gbà. Ẹ wá wò ó, igba kan náà yìí ni 200. Bí ọmọ inú ìtàn bá ka ẹyọ 200 tán tí ó wá pariwo “igbá”, ṣé ó yẹ kí òkúta náà tàn? Èmi ò rò bẹ́ẹ̀. Nínú ìtàn tí ó dá lórí kíkà ní àkàpé, ohùn gan-an ni ọkàn ọ̀rọ̀.

Kí a tilẹ̀ sọ pé àṣìkọ ni, kí a dá a padà sí “idánkà”. Kò tíì bọ́ síbẹ̀. Nínú èdè wa, ọ̀rọ̀-ìṣe ni ó ń ṣáájú àbọ̀ rẹ̀, ìyẹn ohun tí a ń ṣe nǹkan sí, bí a bá ń ṣẹ̀dá ọ̀rọ̀-orúkọ: ìkàwé, apẹja, apidán fúnra rẹ̀. Bí idán bá wá ṣáájú “kà”, idán ti di olùwà, ìyẹn ẹni tí ń ṣe nǹkan, gbólóhùn ni a ń sọ, kì í ṣe orúkọ.

Orúkọ tí mo fẹ́ kí a wò ni òòkà, òòfà sì ni mo fi ṣe àwòkọ́ṣe rẹ̀. Kò sí òkúta inú ayé gidi tí ó sún mọ́ ti olùkọ̀tàn wa tó òòfà, nítorí òun náà ń ṣe ohun tí ojú kò rí ìdí rẹ̀, ó ń fa irin láìfọwọ́kàn án, àwọn baba wa kò sì fi idán kún orúkọ rẹ̀; iṣẹ́ rẹ̀ ni wọ́n fi pè é. Ẹ gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ òòyà tí a fi ń ya irun àti òòlù tí a fi ń lu nǹkan. Fà, yà, lù: ohùn ìsàlẹ̀ ni gbogbo wọn. Bí wọ́n bá gba àbọ̀, ohùn wọn á gòkè sí àárín, a ó wí pé fa okùn, ya irun, lu ìlù. Ṣùgbọ́n lẹ́yìn òò- wọn kò ní àbọ̀, ohùn ìsàlẹ̀ wọn á sì dúró gbọn-in. “Kà” ń ṣe bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́: ka owó, òòkà. Ìdí nìyí tí n kò fi lọ mú “pín”, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé òkúta náà ń pín nǹkan ní orí kẹta ìtàn náà. Ohùn òkè ni “pín” ní, n kò sì rí ẹgbẹ́ kankan fún un nínú agboolé òò-.

Ọ̀gá kan sọ pé òǹkà wà nílẹ̀, kí ni a tún ń wá? Mo bọ̀wọ̀ fún un, ó ti pẹ́ lẹ́nu iṣẹ́ yìí jù mí lọ. Ṣùgbọ́n òǹ- fẹ́ràn èèyàn: òǹkọ̀wé, òǹkàwé, òǹtajà, òǹwòran. Ẹni tí ó bá gbọ́ òǹkà yóò máa wá ojú àti ẹsẹ̀ lára òkúta. Ó fi òǹtẹ̀ dá mi lóhùn, pé òǹtẹ̀ kì í ṣe èèyàn. Òtítọ́ ni, ó sì ń yọ mí lẹ́nu láti àná. Ẹlòmíràn ní kí a kàn pè é ní “àlùmọ́ọ́nì ìṣirò”. Àpèjúwe nìyẹn. Tìróò, òjé, imí-ọjọ́, bàbà: ṣókí ni àwọn ohun inú ilẹ̀ ń jẹ́ orúkọ.

Nǹkan kan ṣẹ́kù tí n kò lè fi sílẹ̀. Ẹnìkan dámọ̀ràn pé kí òkúta náà máa ka nǹkan ní ẹ̀wá-ẹ̀wá, pé bí a ṣe ń ka nǹkan ní èdè wa ti le jù fún ọmọdé. Ẹ jọ̀wọ́, ibẹ̀ gan-an ni ẹwà òòkà wà! Kí ọmọ náà kó 45 sílẹ̀, kí ó sì pe márùndínláàádọ́ta. Kí òkúta kọ́kọ́ mọ́lẹ̀ yòò bí ọgọ́ta, kí ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ relẹ̀ nígbà tí ẹ̀wá yọ kúrò tí ó di àádọ́ta, kí ó tún relẹ̀ díẹ̀ nígbà tí márùn-ún yọ, kí ó wá dúró síbẹ̀. Ọmọ tí ó bá rí ìyẹn kò ní gbàgbé ìtumọ̀ “dín” láéláé. Adolphus Mann, míṣọ́nárì kan, kọ ọ́ sílẹ̀ ní 1887 bí wọ́n ṣe ń ka owó ẹyọ: márùn-ún-márùn-ún ni wọ́n ń fà á, bí ó bá pé ìgbà 20 ó di 100, wọ́n á ka 100 mìíràn, wọ́n á sì gbá méjèèjì jọ di òkìtì 200. Ẹni tí ó bá fẹ́ kọ bí òòkà ṣe ń tàn, kí ó tẹ̀lé ọwọ́ àwọn tí ń ka owó yẹn.

Mo bẹ olùkọ̀tàn wa pé kí ó dúró díẹ̀ kí ó tó fi “ìdánkà” ránṣẹ́ sí àwọn òǹtẹ̀wé. Mo sì ń retí ọ̀gá mi tí ó mú òǹtẹ̀ wá. Kí wọ́n bá mi wá òò- kan ṣoṣo tí ó jẹ́ orúkọ ẹni tí ń ṣiṣẹ́, n ó sì dá òòkà padà láìjiyàn. Ṣùgbọ́n kí wọ́n má mú òòṣà wá, nítorí òrìṣà ni ó pa kọ́ńsónáǹtì rẹ̀ jẹ.